Ohùn Ta Là Ń Gbọ́ Lẹ́nu Claudia Cardinale?

Bí ẹ bá wo fíìmù Il Gattopardo lálẹ́ òní, tí ẹ sì wo 8½ lálẹ́ ọ̀la, nǹkan kan á rú yín lójú. Obìnrin kan náà, Claudia Cardinale, òṣèré fíìmù Ítálì, ló wà nínú méjèèjì. Ọdún 1962 ni wọ́n ya méjèèjì, 1963 sì ni méjèèjì jáde. Síbẹ̀, nínú èkíní, ó ń sọ èdè Ítálì geere bí ẹni tó mu ún mọ́ ọmú ìyá rẹ̀. Nínú èkejì, ohùn rẹ̀ wúwo, ó há díẹ̀, ìró Faransé sì ń yọ lábẹ́ rẹ̀. Kì í ṣe pé ó ń yí ohùn padà bí eré ṣe ń yí. Ohùn tí ẹ gbọ́ nínú Il Gattopardo kì í ṣe tirẹ̀ rárá. Òṣèré mìíràn, Solvejg D'Assunta, ló ni ín, ẹni tí ojú rẹ̀ kò hàn lẹ́nu ọ̀rọ̀ tó ń sọ.

Ibí ni àríyànjiyàn ti ń bẹ̀rẹ̀. Àwọn kan á ní Cardinale kò mọ eré í ṣe tó ni wọ́n ṣe yá a ní ohùn. Àwọn kan á ní ọmọ Tùnísíà ni, wọ́n kàn sọ ọ́ di ọmọ Ítálì nítorí ẹwà ni. Àwọn mìíràn á tún ní ọmọ Faransé ni, torí Faransé ló ń sọ, ilẹ̀ Faransé náà ló sì kú sí, ní ọjọ́ 23 oṣù Kẹsàn-án ọdún 2025, lẹ́ni ọdún 87. Òótọ́ díẹ̀ wà nínú ọ̀rọ̀ kọ̀ọ̀kan, òun ló ń jẹ́ kí àṣìṣe inú wọn ṣòro láti rí. Nǹkan mẹ́rin ni wọ́n ń pò mọ́ra: ìlú tí wọ́n bí i sí, orílẹ̀-èdè tó jẹ́ tirẹ̀ lábẹ́ òfin, èdè tó fi gbọ́njú, àti ohùn tó wà lára fíìmù. Lára ọ̀pọ̀ òṣèré, mẹ́rẹ̀ẹ̀rin máa ń wà lójú kan. Lára Cardinale, ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀ ni wọ́n wà, ẹni tí kò bá sì yà wọ́n nípá kò lè mọ iṣẹ́ tí obìnrin náà ṣe gan-an.

Ọmọ Sísílì ní etí òkun Tunis

Orúkọ tí wọ́n sọ ọ́ ni Claude Joséphine Rose Cardinale. Ọjọ́ 15 oṣù Kẹrin ọdún 1938 ni wọ́n bí i ní La Goulette, èbúté tó wà lẹ́bàá Tunis. Tùnísíà wà lábẹ́ àkóso Faransé nígbà náà. Láti 1881 ló ti wà bẹ́ẹ̀, ọjọ́ 20 oṣù Kẹta 1956 ló sì gba òmìnira. Ṣùgbọ́n òkun tó wà láàrin Tùnísíà àti erékùṣù Sísílì kò fẹ̀. Níbi tó ti fún jù, nǹkan bí 150 kìlómítà ni. Kí Faransé tó dé rárá ni àwọn ará Sísílì ti ń sọdá wá pẹja, wá mọlé, wá dáko àjàrà. Wọ́n pọ̀ débi pé wọ́n ń pe àdúgbò wọn ní La Goulette ní Sísílì Kékeré. Ẹbí bàbá Claudia wá láti Gela, ẹbí ìyá rẹ̀ wá láti Trapani. Iléeṣẹ́ rélùwéè ni Francesco bàbá rẹ̀ ti ń ṣiṣẹ́.

Àdéhùn kan tí Ítálì àti Faransé fọwọ́ sí ní 1896 ló jẹ́ kí àwọn ará Ítálì tó wà ní Tùnísíà, àtàwọn ọmọ tí wọ́n bí síbẹ̀, máa jẹ́ ọmọ Ítálì nìṣó. Nítorí náà, lọ́jọ́ tí wọ́n bí Claudia, ọmọ Ítálì ni wọ́n bí. Ẹni tó ń pè é ní àjèjì tó wọ fíìmù Ítálì ń sọ àsọdùn: ìlú òkèèrè ni wọ́n bí i sí, òun fúnra rẹ̀ kì í ṣe ará òkèèrè lójú òfin.

Ti èdè ni ọ̀rọ̀ ti yí padà. Nílé, èdè Sísílì ni. Níta, Lárúbáwá Tùnísíà ni. Nílé-ìwé, Faransé ni, torí pé lẹ́yìn tí wọ́n lé ọmọ ogun Jámánì àti ti Ítálì kúrò ní Tùnísíà ní 1943, àwọn aláṣẹ Faransé ti ilé-ìwé àwọn ará Ítálì pa. Bẹ́ẹ̀ ni ọmọ tí ìwé pè ní ọmọ Ítálì ṣe dàgbà láìgbọ́ èdè Ítálì. Ẹ má sì rò pé Sísílì tó ń sọ nílé á ti tó. Sísílì àti èdè Ítálì tí wọ́n ń kọ́ nílé-ìwé jìnnà síra débi pé ẹni tó gbọ́ ọ̀kan lè jókòó ti èkejì kí ọ̀rọ̀ má yé e tán. Ó ti pé ọmọ ọdún 19 kó tó di pé iṣẹ́ fi dandan mú un kọ́ èdè orílẹ̀-èdè ara rẹ̀.

Òun nìkan kọ́ o. Sandra Milo tó ṣe Carla nínú 8½, Tunis ni wọ́n bí òun náà sí, ní 1933. Àwọn tó fẹ́ràn fíìmù Ítálì kì í sábà sọ ọ́, ó sì yẹ kí wọ́n máa sọ ọ́: nínú 8½, fíìmù Fellini tí ayé ń gbé gẹ̀gẹ̀ jù, ilẹ̀ Áfíríkà ni wọ́n ti bí ẹni tó ṣe àlè olórí eré àti ẹni tó ṣe obìnrin tí olórí eré náà ń rí nínú àlá.

Òṣèré tó ń gba owó oṣù

Ní 1957, Claudia gbégbá orókè nínú ìdíje ọmọbìnrin Ítálì tó rẹwà jù lọ ní Tùnísíà. Ẹ wo orúkọ ìdíje náà dáadáa. Ó dáhùn ìbéèrè ọmọ ilẹ̀ wo ló jẹ́ kí ẹnikẹ́ni tó béèrè. Ẹ̀bùn rẹ̀ ni ìrìn-àjò lọ sí àjọ̀dún fíìmù ní Venice. Ibẹ̀ ni àwọn onífíìmù ti rí i. Ó lọ sí Centro Sperimentale, ilé-ẹ̀kọ́ eré sinimá ní Róòmù, kò sì pẹ́ níbẹ̀ tó fi kúrò. Lẹ́yìn èyí ló bọ́ sọ́wọ́ Franco Cristaldi, agbátẹrù fíìmù tó ni iléeṣẹ́ Vides.

Ìwé àdéhùn ọdún méje ni Cristaldi fi mú un, ìwé náà sì le. Owó oṣù ni wọ́n ń san fún un bí ẹni tó ń ṣiṣẹ́ ní ọ́fíìsì, bó tilẹ̀ ń ṣe tó fíìmù mẹ́rin lọ́dún. Ìwé náà ní ọ̀rọ̀ láti sọ lórí bí irun rẹ̀ ṣe máa rí àti bó ṣe máa sanra tó. Nígbà tó bí Patrick ọmọ rẹ̀ ní Lọ́ńdọ̀nù ní oṣù Kẹwàá 1958, wọ́n ní kó máa sọ fáráyé pé àbúrò òun ni. Ọ̀pọ̀ ọdún ni irọ́ yẹn fi dúró, ó sì dùn ún títí ayé. Mo mẹ́nu kan èyí nítorí ohun tó ń fi hàn: ẹni tí wọn ò jẹ́ kó pe ọmọ rẹ̀ ní ọmọ, ta ni yóò bi í léèrè pé ohùn ta ni kí wọ́n fi sí i lẹ́nu?

Fíìmù Ítálì tó kọ́kọ́ sọ ọ́ di ẹni mímọ̀ ni I soliti ignoti, tí Mario Monicelli darí ní 1958. Carmelina ló ṣe níbẹ̀, ọmọbìnrin Sísílì tí ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ń tì mọ́lé. Ọ̀rọ̀ ẹnu rẹ̀ kò pọ̀, wọ́n sì fi ohùn ẹlòmíràn sí ìwọ̀nba tó wà. Ohun tí ẹnikẹ́ni kì í retí ni pé Tiberio Murgia tó ṣe ẹ̀gbọ́n náà, tí gbogbo ayé mọ̀ sí baba àwọn ará Sísílì nínú fíìmù, ọmọ Sardinia ni. Wọ́n fi ohùn ará Sísílì sí i lẹ́nu. Nítorí náà, nínú ilé yẹn, ẹni tí ẹ̀jẹ̀ rẹ̀ jẹ́ ti Sísílì gan-an ni wọn ò jẹ́ kó sọ̀rọ̀.

Bí wọ́n ṣe ń fi ohùn lé fíìmù

Àwọn ará Ítálì ń pè é ní doppiaggio. Ohun tó túmọ̀ sí ni pé wọ́n á ya àwòrán lónìí, wọ́n á sì gba ohùn sílẹ̀ lọ́jọ́ mìíràn, níbòmíràn, nígbà mìíràn láti ẹnu ẹlòmíràn. Ẹ jẹ́ ká pè é ní fífi ohùn lé fíìmù, ká sì pe ẹni tó ń ṣe é ní olóhùn.

Láàrin òpin ogun àgbáyé kejì sí nǹkan bí ọdún 1970, bí wọ́n ṣe ń ṣe fíìmù ní Ítálì nìyẹn. Kì í ṣe ìyà tí wọ́n fi jẹ òṣèré kan, bẹ́ẹ̀ ni kì í ṣe ojútì. Ìdí rẹ̀ pọ̀. Láti 1930 ni ìjọba Mussolini ti fòfin de fíìmù tó bá ń sọ èdè àjèjì, tí iṣẹ́ olóhùn fi di iṣẹ́ gidi ní Róòmù, pẹ̀lú sítúdíò àti ọ̀gá àti ọmọ-iṣẹ́ tirẹ̀. Lẹ́yìn ogun, àwọn olùdarí gbé kámẹ́rà jáde sí títì. Kámẹ́rà ń pariwo, ọkọ̀ ń pariwo, ẹni tí wọ́n mú lójú títì láti ṣe eré kò sì mọ bí wọ́n ṣe ń sọ ọ̀rọ̀ inú ìwé. Ó rọrùn, ó sì dínwó, kí wọ́n ya àwòrán kí wọ́n sì wá ohùn sí i tó bá yá. Nígbà tó di 1949, Ítálì àti Faransé ṣàdéhùn láti máa fi owó jọ ṣe fíìmù. Láti ìgbà náà, èèyàn mẹ́ta lè jókòó ti tábìlì kan nínú eré, kí ọ̀kan máa sọ Ítálì, kí èkejì máa sọ Faransé, kí ẹ̀kẹta máa sọ Gẹ̀ẹ́sì, kí kálukú sì máa dáhùn bí ẹni pé ó gbọ́ ohun tí ẹnì kejì sọ. Fellini tiẹ̀ máa ń ní kí àwọn kan ka nọ́ńbà lásán níwájú kámẹ́rà, ó dìgbà tí wọ́n bá ń fi ohùn lé e kó tó kọ ọ̀rọ̀ tí ẹnu wọn máa sọ.

Bí iṣẹ́ náà ṣe ń lọ nìyí. Lójú eré, wọ́n lè gba ohùn kan sílẹ̀, ṣùgbọ́n ti atọ́nà lásán ni. Kò sẹ́ni tó fẹ́ lò ó nínú fíìmù, kí wọ́n kàn lè mọ ohun tí òṣèré sọ àti ìgbà tó sọ ọ́ ni. Tí wọ́n bá ti gé fíìmù tò tán, ẹni tó ń tún ọ̀rọ̀ kọ á jókòó tì í. Iṣẹ́ tirẹ̀ ni kó wá ọ̀rọ̀ tó gùn tó bí ẹnu òṣèré ṣe ń ṣí tó. Àwọn lẹ́tà tó ń dá a lágara jù ni b, m àti p, nítorí ètè gbọ́dọ̀ pàdé kí èèyàn tó lè pè wọ́n. Tí ètè bá pàdé lójú àwòrán, ọ̀kan nínú wọn ní láti bọ́ sí ibẹ̀. Tí ẹnu bá là sílẹ̀ gbàgà tí olóhùn sì ń pe m, ojú òǹwòran á rí i kíá.

Lẹ́yìn náà, wọ́n á gé fíìmù sí ègé kéékèèké. Wọ́n á so orí ègé kọ̀ọ̀kan mọ́ ìdí rẹ̀ kó rí roboto bí òrùka. Anello ni wọ́n ń pè é, òrùka náà ló sì túmọ̀ sí. Wọ́n á fi sínú ẹ̀rọ, yóò máa yí po, kí gbólóhùn kan ṣoṣo máa jáde lójú ògiri léraléra. Olóhùn á dúró nínú òkùnkùn, ìwé níwájú rẹ̀ lábẹ́ iná kékeré, maikirofóònù lẹ́nu rẹ̀. Á wò ó, á gbọ́ ọ, á dán an wò, á tún un sọ, títí tí ọ̀gá tó ń darí olóhùn á fi ní ó tó. Fíìmù 35 mílímítà ń sáré ní àwòrán 24 láàrin ìṣẹ́jú-àáyá kan, ìyẹn ẹsẹ̀ bàtà 90 ní ìṣẹ́jú kan. Tí ohùn bá fi àwòrán mẹ́ta péré ṣáájú tàbí kẹ́yìn, ìdá kan nínú mẹ́jọ ìṣẹ́jú-àáyá ló fi yẹ̀, etí ti gbọ́ ọ nìyẹn.

Ní ìparí, wọ́n á po ohùn, orin àti ariwo pọ̀. Ṣùgbọ́n wọ́n á fi orin àti ariwo pa mọ́ sọ́tọ̀ láìsí ọ̀rọ̀ ẹnu kankan níbẹ̀, kí Jámánì tàbí Amẹ́ríkà lè ra fíìmù náà kí wọ́n sì fi ohùn tiwọn lé e. Ìdí nìyẹn tí fíìmù kan fi lè ní ohùn mẹ́rin fún ojú kan, tí gbogbo rẹ̀ á sì bófin mu.

Níbo ló ti ń bàjẹ́? Nínú ẹ̀rín àti èémí ni. Ọ̀rọ̀ ṣeé kọ sílẹ̀, ẹ̀rín kò ṣeé kọ. Ẹ̀rín tí wọ́n rín ní sítúdíò kì í sábà bá bí èjìká ṣe ń mì mu. Ó tún ń bàjẹ́ nínú bí ohùn ṣe súnmọ́ tó. Òṣèré á wà lókè ọ̀hún nínú pápá, ohùn rẹ̀ á sì dà bíi ti ẹni tó wà létí yín, torí yàrá kékeré ni wọ́n ti gbà á. Èyí tó burú jù fún òṣèré ni pé olóhùn tó mọṣẹ́ máa ń gba iṣẹ́ púpọ̀. Ohùn kan á wà lẹ́nu obìnrin márùn-ún láàrin ọdún kan, òǹwòran á sì bẹ̀rẹ̀ sí rò pé gbogbo wọn jọ ara wọn, láìmọ ohun tó fà á.

Ẹ wá fi èyí wọn ẹ̀sùn tí wọ́n fi kan Cardinale. Nínú Il Gattopardo kan náà, Gẹ̀ẹ́sì ni Burt Lancaster, òṣèré Amẹ́ríkà, sọ lójú eré. Corrado Gaipa ló sọ Ítálì fún un. Wọ́n fi ohùn ọmọ Ítálì sí Alain Delon, òṣèré Faransé, náà lẹ́nu. Lancaster ti gba Oscar ní 1961, ọdún kan kí wọ́n tó bẹ̀rẹ̀ fíìmù yìí. N kò tíì gbọ́ kí ẹnì kan sọ pé ohùn Gaipa fi hàn pé Lancaster kò mọ eré ṣe. Obìnrin ni wọ́n ń sọ ọ́ sí, ọ̀rọ̀ tí kò tọ́ sì ni.

Ọdún 1962: olùdarí méjì, irun méjì

Iṣẹ́ méjèèjì wọnú ara wọn. Luchino Visconti ń ya Il Gattopardo ní Sísílì, Federico Fellini ń ya 8½, Cardinale sì ń lọ bọ̀ láàrin wọn. Visconti fẹ́ irun dúdú, Fellini fẹ́ èyí tó pọ́n ju bẹ́ẹ̀ lọ, nítorí náà ṣe ni wọ́n ń pa irun rẹ̀ láró, tí wọ́n tún ń yí i padà, bó ṣe ń ti ọ̀dọ̀ ọ̀kan dé ọ̀dọ̀ èkejì.

Ìyàtọ̀ tó wà nínú bí wọ́n ṣe ń ṣiṣẹ́ ju ti irun lọ. Visconti ti inú eré orí ìtàgé àti opera wá. Ohun gbogbo ti wà nílẹ̀ kí òṣèré tó dé: ibi tí ẹsẹ̀ máa dúró, ibi tí ojú máa wò, bí aṣọ ṣe máa fún ara. Faransé ló fi ń bá Cardinale sọ̀rọ̀, Claudine ló sì ń pè é. Ijó ńlá tó parí fíìmù náà, Palazzo Gangi ní Palermo ni wọ́n ti yà á, ó sì gba àkókò púpọ̀ nínú fíìmù náà. Ẹ wo bí Cardinale ṣe wọlé níbi àsè alẹ́ ṣáájú ìgbà náà, bó ṣe bu ètè jẹ, bó ṣe ń wo àwọn ọlọ́lá láìbẹ̀rù. Gbogbo ìyẹn jẹ́ tirẹ̀. Ara rẹ̀ ló fi ṣe é, àti ojú rẹ̀, àti ìrìn rẹ̀. Ohùn D'Assunta kàn bá a rìn ni.

Lọ́dọ̀ Fellini, ìwé eré fẹ́rẹ̀ẹ́ má sí. Ó ń sọ̀rọ̀ sí òṣèré bí kámẹ́rà ṣe ń lọ, torí ó mọ̀ pé wọ́n á pa ohùn tòun rẹ́ níkẹyìn. Òun yìí gan-an, tí kò ka ohùn ojú eré sí, ni ẹni àkọ́kọ́ tó ní kí wọ́n jẹ́ kí ohùn Cardinale wà nínú fíìmù Ítálì. Ohun tí àwọn yòókù pè ní àbùkù, bó ṣe há, bó ṣe rẹlẹ̀, bí Faransé ṣe ń yọ nínú rẹ̀, òun ni Fellini fẹ́. Claudia ni orúkọ ẹni tó ṣe nínú fíìmù náà. Obìnrin inú àlá ni. Ohùn tí kò jọ ti ẹnikẹ́ni bá a mu.

Àṣìṣe kan wà níbí tí mo fẹ́ kí ẹ yẹra fún. Tí a bá ní ohùn ara rẹ̀ ni, kò túmọ̀ sí pé ohùn tí wọ́n gbà lójú eré ni. Wọ́n fi ohùn lé 8½ bíi fíìmù yòókù. Ìyàtọ̀ rẹ̀ ni pé òun fúnra rẹ̀ ló lọ dúró síwájú maikirofóònù láti fi ohùn lé ojú ara rẹ̀. Iṣẹ́ ọ̀tọ̀ nìyẹn, ó sì le fún ẹni tí èdè náà kò tíì mọ́ lẹ́nu dáadáa.

Il Gattopardo gba Palme d'Or, ẹ̀bùn tó ga jù ní àjọ̀dún fíìmù Cannes, ní 1963. 8½ gba Oscar fíìmù ilẹ̀ òkèèrè. Ní ọdún 1963 yìí kan náà ni La ragazza di Bube jáde, tí Luigi Comencini darí. Cardinale tún fi ohùn ara rẹ̀ sọ̀rọ̀ níbẹ̀, wọ́n sì fún un ní ẹ̀bùn Nastro d'Argento fún òṣèré obìnrin tó dára jù. Ní 1968, ó gba David di Donatello, ẹ̀bùn fíìmù ńlá mìíràn ní Ítálì, fún Il giorno della civetta tí Damiano Damiani darí. Ẹni tó bá sọ pé ẹwà nìkan ló gbé e rìn, ẹ ní kó lọ wo méjì yìí.

Nígbà tí èdè bá tún di Gẹ̀ẹ́sì

Ẹnikẹ́ni tó bá rò pé ọ̀rọ̀ ohùn parí ní 1963 á tún ṣìnà. Nínú The Pink Panther, tí wọ́n yà ní ọdún yẹn, ohùn Gale Garnett ló wà lẹ́nu rẹ̀ lédè Gẹ̀ẹ́sì. Nínú C'era una volta il West, tí Sergio Leone ṣe ní 1968, Joyce Gordon ló sọ Gẹ̀ẹ́sì fún Jill McBain tó ṣe.

Fíìmù Leone yìí tún fi ohun mìíràn hàn nípa iṣẹ́ ohùn. Ennio Morricone ti kọ orin rẹ̀ kí wọ́n tó bẹ̀rẹ̀ sí yà á, Leone sì máa ń jẹ́ kí orin náà máa dún lójú eré bí òṣèré ṣe ń rìn. Ẹni tó ń gba ohùn sílẹ̀ lójú eré kò lè dán irú rẹ̀ wò. Orin á bo ọ̀rọ̀. Torí pé wọ́n á fi ohùn lé e lẹ́yìn ni wọ́n ṣe lè ṣe é. Nígbà tí Jill sọ̀ kalẹ̀ nínú ọkọ̀ ojú irin, tó rìn wọ ibùdó rélùwéè, tí kámẹ́rà sì gòkè lórí òrùlé tí ìlú yọ, orin yẹn ló ń fi ẹsẹ̀ rìn sí. Ohùn obìnrin tó ń kọrin láìsí ọ̀rọ̀ níbẹ̀, Edda Dell'Orso ni. Nítorí náà, nínú fíìmù tí èdè rẹ̀ jẹ́ Gẹ̀ẹ́sì, obìnrin mẹ́ta ló para pọ̀ di Jill: ọ̀kan ní ojú, ọ̀kan ní ọ̀rọ̀, ọ̀kan ní orin.

Lẹ́yìn tó kúrò lọ́dọ̀ Cristaldi ní àárín ọdún 1970 sí 1979, iṣẹ́ ńlá dínkù fún un ní Ítálì, ṣùgbọ́n kò tán. Ó wà nínú Fitzcarraldo tí Werner Herzog darí ní 1982. Pasquale Squitieri, ẹni tó bá gbé lẹ́yìn náà, darí rẹ̀ nínú Claretta ní 1984, ó sì tún gba Nastro d'Argento. Venice fún un ní Kìnnìún Oníwúrà fún iṣẹ́ gbogbo ayé rẹ̀ ní 1993. Kò sì gbàgbé La Goulette: nígbà tí Férid Boughedir ṣe Un été à La Goulette ní 1996, òun fúnra rẹ̀ ló ṣe ara rẹ̀ níbẹ̀.

Bí ẹ bá fẹ́ wò ó

Tí ẹ bá ṣí fíìmù wọ̀nyí lórí íntánẹ́ẹ̀tì tàbí lórí díìsìkì, ohun àkọ́kọ́ tí wọ́n á bi yín ni èdè. Ẹ má gbà pé Ítálì ni ojúlówó nígbà gbogbo, ẹ má sì gbà pé Gẹ̀ẹ́sì ni ayédèrú. Fún Il Gattopardo, èyí tó jẹ́ ti Ítálì ni kí ẹ yàn, tó gùn tó nǹkan bí ìṣẹ́jú 185. Iléeṣẹ́ Amẹ́ríkà tó pín in gé e kù sí ìṣẹ́jú 161, wọ́n sì ba àwọ̀ rẹ̀ jẹ́. Ohun kan ṣoṣo tí èyí fi dára ni pé ẹ ó gbọ́ ohùn Lancaster gan-an. Tí ẹ bá rí èyí tí wọ́n tún ṣe tí wọ́n sì gbé wá sí Cannes ní 2010, òun ni kí ẹ mú.

Fún C'era una volta il West, Gẹ̀ẹ́sì dára, torí ọ̀pọ̀ ọkùnrin inú rẹ̀ ló fi ohùn ara wọn sọ̀rọ̀, ètè wọn sì bá a mu. Kí ẹ kàn rántí pé ohùn Jill kọ́ ni ti Cardinale.

Tó bá jẹ́ ohùn rẹ̀ lẹ ń wá, ẹ lọ sí 8½, kí ẹ sì yan Ítálì. Ẹ ní sùúrù, torí ó máa ń yọ, ó máa ń pòórá. Nítòsí ìparí, ó wà nínú ọkọ̀ pẹ̀lú Guido, tí Marcello Mastroianni ṣe, lálẹ́. Wọ́n wá dúró ní gbàgede kan tó ti gbó. Guido ń ṣàlàyé ọkùnrin inú fíìmù tó fẹ́ ṣe fún un, ó ń wá àwáwí fún un. Ẹ̀ẹ̀mẹta ni obìnrin náà dáhùn pẹ̀lú gbólóhùn kan náà: torí pé kò mọ bí wọ́n ṣe ń nífẹ̀ẹ́ èèyàn. Ẹ fetí sí bí ohùn náà ṣe há lẹ́nu rẹ̀, àti bó ṣe fẹ́rẹ̀ẹ́ rẹ́rìn-ín lẹ́yìn gbólóhùn náà. Òun fúnra rẹ̀ nìyẹn.